Ìdí Kóńgò

Ẹ̀wà ni mo lọ rà ní ọjà Ìpáta lọ́jọ́ tí mo pàdé Hajarat, àríyànjiyàn ni mo sì fi bẹ̀rẹ̀.

Ó ti wọn kóńgò kan sínú ọ̀rá, ó fẹ́ wọn ìkejì, ni mo bá na ọwọ́ gba kóńgò náà lọ́wọ́ rẹ̀. Mo dojú rẹ̀ dé, mo fi ìka kan ìdí rẹ̀ wò. Ẹni tó bá ń ná ọjà mọ ohun tí mo ń wá. Àwọn kan a máa lu ìdí kóńgò wọnú, kí ẹ̀wà tó gbà lè dín, ojú rẹ̀ á sì kún bí ẹni pé ó pé.

"Bọ̀dá, ṣé ó tẹ́jú?" ni ó bi mí.

"Ó tẹ́jú," ni mo wí.

"Àbí kí n da ẹ̀wà náà sílẹ̀, kí ẹ kà á léyọ kọ̀ọ̀kan?"

Àwọn tó wà nítòsí bú sẹ́rìn-ín. Ó wò mí láti òkè délẹ̀. "Tíṣà ni yín, àbí?"

"Báwo lẹ ṣe mọ̀?"

"Tíṣà nìkan ló ń máàkì ẹ̀wà."

Lóòótọ́, ìṣirò ni mò ń kọ́ àwọn ọmọ ní ilé ẹ̀kọ́ girama kan nílùú Ìlọrin. Abdulwaris ni orúkọ mi. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ fi ọ̀rọ̀ ìṣirò yìí sọ́kàn, nítorí òun gan-an ló ń tì mí lójú jù nínú ìtàn yìí.

Láti ọjọ́ náà, ẹ̀wà kò tán nílé mi mọ́, èmi tí ikùn mi kì í gba ẹ̀wà. Ọjọ́ Sátidé kì í bá mi nílé. Nígbà tó di ọ̀sẹ̀ kẹfà, Hajarat fi ọwọ́ lé ìbàdí, ó ní, "Tíṣà, àbí ẹ ń sin ẹṣin nílé ni? Ẹnu ẹnì kan ṣoṣo kò lè jẹ ẹ̀wà yìí tán."

Mo ní, "Kì í ṣe ẹ̀wà ni mò ń wá."

"Mo mọ̀. Mo kàn ń dúró kí ẹ fi ẹnu ara yín sọ ọ́ ni."

Bí ìfẹ́ wa ṣe bẹ̀rẹ̀ nìyẹn. Kò pẹ́ tí "ẹ" fi di "o" láàárín wa. Ó ń pè mí ní Tíṣà mi, mò ń pè é ní Hàjárà mi, adùn-ún-bá-sọ̀rọ̀. Bí mo bá jókòó sí ìsọ̀ rẹ̀, tí mò ń wò ó bó ṣe ń dá àwọn oníbàárà lóhùn, tó ń fi ọ̀rọ̀ pa wọ́n lẹ́rìn-ín, inú mi a máa dùn bíi kí n má padà sílé mọ́.

Ṣùgbọ́n ó ní bàbá. Alfa Àbdùlkàdírì ni wọ́n ń pè é, ó ní ilé kéwú kan ní àárín ìlú àtijọ́, ẹnu rẹ̀ sì mú, pàápàá lórí ọ̀rọ̀ èlé. Ó máa ń sọ pé ẹni tó ń gba èlé àti ẹni tó ń san án, aṣọ kan náà ni wọ́n jọ dà bora. Ọjọ́ tí mo lọ kí i, mo dọ̀bálẹ̀, mo jókòó sórí ẹní, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í bi mí.

"Níbo lò ń gbé?"

"Adéwọlé ni, Alfa."

"Ilé rẹ́ńtì ni?"

"Rárá o. Ilé ara mi ni. Mo rà á ni."

Inú bàbá dùn. Ó fi ọwọ́ pa irùngbọ̀n rẹ̀. "O san án tán?"

"Alhamdulillahi," ni mo wí.

Ẹ ṣáà gbọ́. N kò sọ pé bẹ́ẹ̀ ni, n kò sì sọ pé bẹ́ẹ̀ kọ́. Mo dúpẹ́ lọ́wọ́ Ọlọ́run, mo sì fi ọpẹ́ náà bo irọ́ mọ́lẹ̀ bí ẹni fi ọmọrí bo ọbẹ̀ tó ti kan. Bàbá ní, "Maṣa Allahu," ó sì ní kí wọ́n gbé omi tútù wá fún mi.

Òótọ́ rẹ̀ nìyí. Mílíọ̀nù mẹ́sàn-án ni ilé náà. Mo fi mílíọ̀nù mẹ́ta sílẹ̀, báńkì san mẹ́fà tó kù, èyí tí wọ́n ń pè ní mọ́géèjì. Ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dógún ni màá fi san án padà, ẹgbẹ̀rún mẹ́rìndínlọ́gọ́rùn-ún náírà ó lé díẹ̀ lóṣooṣù. Iye oṣooṣù yẹn nìkan ni mo wò. Mo ní owó oṣù mi á gbé e, mo buwọ́ lùwé, n kò ṣí ojú ìwé tó kàn. Ní ọjọ́ kejì, ìyá mi ti pe gbogbo ẹbí pé ọmọ òun ti di onílé.

Ààwẹ̀ dé. Alfa Àbdùlkàdírì ń jókòó lójoojúmọ́ lẹ́yìn ìrun Àlàásàrí, ó ń túmọ̀ Àlùkùránì fún àwọn èèyàn, ọkùnrin níwájú, obìnrin lẹ́yìn. Ní ọjọ́ kẹsàn-án, ó kan ibi tí Ọlọ́run ti sọ̀rọ̀ nípa ribá. Mo jókòó sí ẹ̀gbẹ́ òpó, mo ń gbọ́.

"Ẹ ń sọ pé kò ṣeé ṣe láì yá owó elélèé," ni bàbá wí. "Irọ́ ni! Ọmọkùnrin kan wà láàárín yín níbí, ọmọ ìlú yìí. Kò tí ì pé ọdún márùndínlógójì. Ó ti ra ilé sí Adéwọlé, kò yá kọ́bọ̀, kò jẹ ẹnikẹ́ni! Òun ni mo fẹ́ fún lọ́mọ."

"Allahu Akbar!" ni gbogbo wọn hó.

Wọ́n yíjú sí mi. Bàbá kan tó jókòó lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi di ọwọ́ mi mú, ó ní, "Ẹ jọ̀wọ́, ẹ bá mi bá ọmọ mi sọ̀rọ̀, kó lè fìwà jọ yín." Mo tẹjú mọ́ ẹní.  Kí ilẹ̀ lanu kó gbé mi mì ni mò ń tọrọ.

Kí a tó ṣínu lọ́jọ́ náà, ìwàásù ọ̀hún ti wà lórí fóònù gbogbo ayé. Ìyá mi pè mí, ó ní òun ti gbọ́ ọ nígbà mẹ́rin. Hajarat fi ohùn tirẹ̀ ránṣẹ́: "Tíṣà mi, mo fi ọ́ yangàn láàárín àwọn obìnrin lónìí. Ọlọ́run má dójú tì wá."

Mo dojú fóònù náà dé.

Mo wá rò ó pé ọ̀nà kan ló kù. Kí n lọ san gbèsè náà tán kí wọ́n tó so yìgì wa, kí irọ́ mi di òótọ́ láìjẹ́ pé ẹnikẹ́ni mọ̀. Ọdún mẹ́rin ni mo ti ń san owó, ohun tí mo ti san ti lé ní mílíọ̀nù mẹ́rin àtààbọ̀. Mo yọ ọ́ kúrò nínú mẹ́fà, ó ku mílíọ̀nù kan àti díẹ̀. Mo ta mọ́tò mi, mo gba báńkì lọ ní Challenge.

Ọmọbìnrin tó dá mi lóhùn níbẹ̀ ń jẹ́ Hamidat. Ó tẹ kọ̀ǹpútà títí, ó yí ojú rẹ̀ sí mi. Mílíọ̀nù márùn-ún àtààbọ̀ ló kù.

"Àṣìṣe nìyí," ni mo wí.

"Rárá, sà." Ohùn rẹ̀ tutù. "Èlé ni owó yín ń kọ́kọ́ san. Lóṣù àkọ́kọ́, nínú ẹgbẹ̀rún mẹ́rìndínlọ́gọ́rùn-ún tí ẹ mú wá, àádọ́rùn-ún jẹ́ èlé. Ẹgbẹ̀rún mẹ́fà ó lé díẹ̀ ló dín gbèsè kù. Bó ṣe ń rìn nìyẹn, á máa yí padà díẹ̀díẹ̀."

"Tí mo bá san án dé òpin ńkọ́? Èló ni gbogbo rẹ̀?"

"Mílíọ̀nù mẹ́tàdínlógún ó lé díẹ̀."

"Lórí mẹ́fà?"

"Ó wà nínú ìwé yín, sà. Ojú ìwé keje."

Ẹ wò mí o. Mo ti kọ́ ọmọ tó lé ní ẹgbẹ̀rún ní ìṣirò èlé. Mo ti fún àwọn tó ṣì í ní òdo. Fún ọdún mẹ́rin gbáko, n kò ṣe ti ara mi lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo. Kì í ṣe pé n kò mọ̀ ọ́n ṣe, ìdáhùn rẹ̀ ló ń bà mí lẹ́rù.

Mo wọ kẹ̀kẹ́ lọ sí Ìpáta. N kò mọ ibòmíràn tí mo lè lọ.

"Mọ́tò ńkọ́?" ni Hajarat kọ́kọ́ bi mí.

"Mo ti tà á."

"Kí ló ṣe ojú rẹ? Jókòó."

Mo jókòó sórí àpò ẹ̀wà, mo sọ gbogbo rẹ̀ fún un, n kò fi ọ̀kan pamọ́. Mo fún un ní ìwé báńkì. Ó kà á, ó tún un kà. Lẹ́yìn náà, ó tẹ́ àpò òfìfo kan sílẹ̀, ó wọn ẹ̀wà kóńgò mẹ́wàá lé e, òkìtì mẹ́wàá.

"Gbogbo owó tí o ti san láti ọdún mẹ́rin nìyí."

Ó fi ọwọ́ gbá mẹ́sàn-án padà sínú àpò rẹ̀, ọ̀kọ̀ọ̀kan. "Èyí jẹ́ èlé." Ó ku òkìtì kan ṣoṣo. "Èyí ló wọ ilé."

Ó wá gbé kóńgò náà, ó yí ìdí rẹ̀ sí mi lójú. "Ọjọ́ tí o kọ́kọ́ dé ibí, o yẹ ìdí kóńgò mi wò lójú gbogbo ọjà, nítorí ẹ̀wà. Ti báńkì ńkọ́?"

"Hàjárà mi, jọ̀ọ́..."

"Owó kọ́ ló ń dùn mí. Owó a máa lọ, a sì máa bọ̀. Ogójì ọdún ni bàbá mi ti ń wàásù, kò sọ ohun tí kò dá a lójú rí. O jókòó, ò ń wò ó, o jẹ́ kó fi ẹnu ara rẹ̀ parọ́ nínú ààwẹ̀." Omi lé ròrò sí i lójú. Ó nu ún kúrò pẹ̀lú ẹ̀yìn ọwọ́. "Ẹ lọ bá a. N kò ní bá yín sọ ọ́, n kò sì ní bá yín bò ó. Tí ẹ ò bá lọ, ẹ má wá sí ìsọ̀ mi mọ́."

"Ẹ" tó padà sọ yẹn dùn mí ju gbogbo mílíọ̀nù náà lọ.

Ní ọjọ́ kejì, kí Àlàásàrí tó tó, mo bá bàbá ní ọ̀dẹ̀dẹ̀ rẹ̀. Mo dọ̀bálẹ̀, n kò dìde títí mo fi sọ̀rọ̀ tán. Tẹ̀sùbáà ọwọ́ rẹ̀ dúró.

"Ṣé mo bi ọ́ bóyá o san án tán?"

"Ẹ bi mí, Alfa."

"Kí lo wí?"

"Alhamdulillahi ni mo wí."

 Mo rò pé yóò lé mi jáde. Nígbà tó sọ̀rọ̀, ohùn rẹ̀ ti lọ sílẹ̀.

"Mo gbọ́ ọ lọ́jọ́ náà pé o ò dá mi lóhùn. Àgbà ni mí, mo mọ bí wọ́n ṣe ń fi ọpẹ́ yẹ ìbéèrè sílẹ̀. Ó yẹ kí n tún ọ bi. Ṣùgbọ́n ó wù mí kó rí bẹ́ẹ̀. Ó wù mí kí n rí ẹnì kan tí mo lè nàka sí fún wọn."

Èmi tí mo rò pé èmi nìkan ni ojú ń tì, mo rí ìtìjú lójú àgbàlagbà yẹn, èmi ni mo sì gbé e wá fún un. Mo sunkún.

"Dìde," ni ó wí. "Ibi tí mo ti sọ ọ́ ni màá ti kó o jẹ. Iwájú ni kí o jókòó."

Iwájú náà ni mo jókòó. Bàbá kò dárúkọ mi. Ó ní, "Ọ̀rọ̀ tí mo sọ níbí nípa ọmọkùnrin kan kò rí bẹ́ẹ̀. Mo sọ ohun tí n kò wádìí. Ẹ bá mi tọrọ àforíjìn lọ́dọ̀ Ọlọ́run." Ṣùgbọ́n ta ni kò mọ̀? Ẹnikẹ́ni kò hó. Bàbá tó di ọwọ́ mi mú lọ́jọ́sí wo ẹsẹ̀ mi, kò wo ojú mi. Ìwàásù yẹn kò sì lọ káàkiri orí fóònù bíi ti àkọ́kọ́.

Mo ta ilé náà. Iye tí wọ́n rà á fi díẹ̀ ju iye tí mo rà á lọ. Nígbà tí mo san ti báńkì tán, tí mo san ti alágbàtà, ohun tó kù sí mi lọ́wọ́ nínú owó ilé náà kò ju mílíọ̀nù mẹ́ta tí mo kọ́kọ́ fi sílẹ̀ lọ. Ọdún mẹ́rin tí mo fi san owó ti bá omi lọ.

"Kí ni màá sọ fún àwọn ẹbí?" ni ìyá mi ń sunkún.

"Ẹ sọ fún wọn pé n kò jẹ gbèsè."

"Ọmọ mi, ìyẹn kò ṣeé fi yangàn." Òótọ́ ló sọ.

Mo gba yàrá méjì, kò jìnnà sí Ìpáta. N kò lọ sí ìsọ̀ Hajarat, ojú ń tì mí. Lẹ́yìn ọdún ìtúnu, ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ Sátidé kan, mo gbọ́ "Salamu alaykum" lẹ́nu ọ̀nà. Òun ni, òun àti àǹtí rẹ̀, pẹ̀lú ọ̀rá ẹ̀wà kan lọ́wọ́. Ó wo yàrá náà yíká, ó wo àjà, ó wo ìdí ògiri.

"Ọdún mélòó lẹ san níbí?"

"Ọ̀kan."

"Ṣé ẹ ka ìwé rẹ̀?"

"Mo kà á lẹ́ẹ̀mẹta."

Ó gbé ọ̀rá náà sílẹ̀. "O ti rù, Tíṣà mi. Àṣé o ò lè dá ẹ̀wà rà?"

 "O" ni ó pè mí.

Wọ́n so yìgì wa ní oṣù tó tẹ̀lé e, níbi tí bàbá ti ń wàásù gan-an. Èrò pé, àwọn tó gbọ́ ìwàásù àkọ́kọ́ àti àwọn tó gbọ́ ìkejì. Wọ́n ní kí n mú sàdáàkì, owó orí ìyàwó, wá. Mo fi àpò ìwé náà lé bàbá lọ́wọ́. Ó ṣí i, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í kà á lójú gbogbo èèyàn, náírà kan lẹ́yìn èkejì.

"Alfa, ẹ ò gbẹ́kẹ̀ lé àna yín ni?" ni ẹnì kan kígbe, wọ́n rẹ́rìn-ín. Mo tẹríba.

Bàbá kà á tán. Ó wò mí.

"O san án tán?"

Ọpẹ́ dé etí ahọ́n mi. Mo gbé e mì.

"Bẹ́ẹ̀ ni, Alfa. Mo san án tán."

"Alhamdulillahi," ni bàbá wí.