Òkúta Tí Armini Ré Kọjá

Armini fúnra rẹ̀ ni ó kọ́kọ́ sọ èyí fún mi. A jókòó sí ẹ̀yìnkùlé wa, à ń já kànáfùrù kúrò lára ẹ̀ka rẹ̀. Nígbà tó fẹ́ sọ̀rọ̀, ó da èyí tó wà lọ́wọ́ rẹ̀ sínú agbọ̀n, ó nu ọwọ́ méjèèjì mọ́ ìró rẹ̀, nítorí ọwọ́ yẹn náà ló fi ń sọ̀rọ̀. Adití ni. Adití pọ̀ lábúlé wa, àwa tí à ń gbọ́ràn náà sì ń bá wọn fi ọwọ́ sọ̀rọ̀ láti kékeré. Kò sẹ́ni tó jókòó kọ́ wa. Bí a ṣe ń mu ọmú la ṣe ń wò ó.

Bí a bá fẹ́ pe adití tó kọ ẹ̀yìn sí wa, òkúta wẹ́wẹ́ la máa ń jù sí iwájú rẹ̀. Bó bá ti rí i, yóò yíjú padà. Ẹni tó bá ń bá ọ jà nìkan ló lè rí òkúta bẹ́ẹ̀ kó má wẹ̀yìn.

Ọ̀dọ̀ bàbá àgbà àti ìyá àgbà ni Armini dàgbà sí. Adití ni àwọn méjèèjì. Bàbá àgbà yìí, Bàbá Kerta, ló ń tọ́jú páìpù omi abúlé, òun náà ló ń gbẹ́ sàréè bí ẹnìkan bá kú. Ojú ìyàwó rẹ̀, Ìyá Rinti, fọ́ díẹ̀díẹ̀ títí kò fi ríran mọ́. Láti ìgbà náà, ọwọ́ Armini ló máa ń dì mú, tí yóò máa fi ìka tẹ̀lé ohun tí ọwọ́ náà ń sọ. Bí Bàbá Kerta bá na ọwọ́ tirẹ̀ sí i, ìyá á tì í kúrò.

"Ọwọ́ yín le bí èèpo àgbọn. Mi ò gbọ́ nǹkan kan níbẹ̀. Ẹ pe ọmọ mi wá."

Nígbà tí Armini pé ọmọ ọdún mẹ́tàlá, wọ́n fẹ́ mú un lọ sí ilé ẹ̀kọ́ àwọn adití ní ìlú Singaraja, kó máa gbé níbẹ̀. Ní àárọ̀ tó ń lọ, Ìyá Rinti di ọwọ́ rẹ̀ mú.

"Bí mo bá ránṣẹ́ pè ọ́, ṣé wàá wá?"

"Màá wá, Màmá."

"Má jẹ̀ẹ́ kí n kú sínú òkùnkùn láìrí ẹni bá sọ̀rọ̀."

"Ẹ ò tíì ní í kú. Ẹ ṣì máa jẹ ìrẹsì ìgbéyàwó mi."

"Ta ló fẹ́ fẹ́ ọ, ìwọ tó ń jẹ ata bí ewúrẹ́ ṣe ń jẹ ewé?"

Armini rò pé níbi tí gbogbo ènìyàn ti jẹ́ adití, ọ̀rọ̀ á dùn ju ti ilé lọ. Ó débẹ̀, ọ̀rọ̀ wọn ò yé e rárá. Ọwọ́ tiwọn kéré, ó yá, wọ́n sì ń fi ìka kọ lẹ́tà níwájú àyà. Òun fẹ́ béèrè bóyá ọ̀sán ni wọ́n máa jẹun, ó na ìka sókè síbi tí oòrùn ọ̀sán máa ń wà, bí a ṣe ń ṣe é nílé. Gbogbo wọn gbójú sókè wo àjà.

"Alángbá ló rí lájà," ni Yuliani wí. Ọmọ ìgboro ni Yuliani, òun ni gbogbo yàrá ń tẹ̀lé.

Bí Armini bá fẹ́ dárúkọ abúlé wa, yóò yí gbogbo ara rẹ̀ padà kó lè nàka sí ìhà tí abúlé náà wà gan-an. "Ṣé ẹ̀fọn lò ń lé ni, àbí ijó lò ń jó?" Ó pẹ́ kó tó mọ ohun tí wọ́n ń sọ, ṣùgbọ́n ó mọ ẹ̀rín nígbà tó rí i. Òun nìkan ló ń jẹun ní ìdí fèrèsé.

Lábúlé, orúkọ tí à ń fi ọwọ́ pè é ni kí a fi ìka kan ọrùn ọwọ́, nítorí àpá iná tó wà lọ́rùn ọwọ́ rẹ̀. Ilé là ń wò ká tó sọmọ lórúkọ. Yuliani ní orúkọ yẹn ò dáa, ó fún un ní òmíràn: lẹ́tà A lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ̀rẹ̀kẹ́. Armini gbà á. Ó bẹ̀rẹ̀ sí í wọ aṣọ ọlọ́wọ́ gígùn kí àpá náà má baà hàn. Ó dúró níwájú dígí lójoojúmọ́, ó ń ti ọwọ́ ilé, bí a ṣe ń sọ̀rọ̀ lábúlé, kúrò lára ọwọ́ rẹ̀. Nígbà tó di ọdún kejì, Yuliani fún un ní ààyè lẹ́gbẹ̀ẹ́ ara rẹ̀ nídìí oúnjẹ.

Lọ́jọ́ kan, àlejò kan tó jẹ́ adití wá láti Ọsirélíà. Ọwọ́ méjèèjì ló fi ń kọ lẹ́tà tí àwọn ń fi ọwọ́ kan kọ. Tíṣà Arsani ṣàlàyé fún wọn pé bí èdè ẹnu ṣe yàtọ̀ láti ìlú dé ìlú, bẹ́ẹ̀ ni ti ọwọ́. Kò sẹ́ni tó fi àlejò náà ṣe yẹ̀yẹ́. Yuliani ló kọ́kọ́ sáré jókòó tì í pé kó kọ́ òun. Armini rí i, ó dùn ún.

Ọ̀sán ọjọ́ yẹn gan-an ni Bàbá Kerta dé, pẹ̀lú ẹrẹ̀ ìsun omi lẹ́sẹ̀. Àwọn ọmọ ń jáde nínú kíláàsì. Òkúta wẹ́wẹ́ kan balẹ̀ níwájú bàtà Armini.

Ó rí i. Ó mọ̀ pé kò sẹ́lòmíràn tó lè jù ú ní gbogbo Singaraja. Yuliani ń rìn lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Ó gbé ẹsẹ̀, ó ré òkúta náà kọjá.

Bàbá rò pé kò rí i ni. Ó yí wá síwájú rẹ̀. "Màmá rẹ ń pè ọ́. Kò jẹun mọ́. Ọwọ́ rẹ ló ń béèrè. Jẹ́ ká lọ."

"Ẹni kejì tó ń lé ẹ̀fọn ti dé o," ni Yuliani wí.

Tíṣà Arsani sún mọ́ wọn. "Ohun tí bàbá yìí ń sọ ò yé mi. Armini, ṣé abúlé yín ni wọ́n ti wá? Kí ni wọ́n ń sọ?"

"Mi ò mọ̀ wọ́n, Mà. Ọ̀rọ̀ wọn ò yé èmi náà."

Ó sọ ọ́ tán, ó yíjú sápá kan. Láàrin wa, ẹni tó bá yíjú kúrò lára ẹni tó ń fi ọwọ́ sọ̀rọ̀, ẹnu onítọ̀hún ló fi ọwọ́ dí. Tíṣà na bébà sí bàbá, ṣùgbọ́n bàbá ò mọ̀wé. Ọwọ́ rẹ̀ wálẹ̀. Ó lọ.

Lọ́jọ́ kẹta, Armini jẹ́wọ́ fún Tíṣà Arsani, tíṣà sì gbé e sórí alùpùpù, ó di abúlé.

Èyí tó kù, ojú mi ló ṣe. Èmi ni mo ń ṣọ́ Ìyá Rinti lórí ẹní nígbà tí Armini wọlé. Ó kúnlẹ̀, ó fi ọwọ́ rẹ̀ sínú ọwọ́ ìyá. Ẹ̀rù ń bà á, ọwọ́ rẹ̀ sì ń sáré bó ṣe ti mọ́ ọn lára láti ọdún méjì: kékeré, kíákíá, lẹ́tà lórí lẹ́tà. Ìyá fi ìka tẹ̀lé e díẹ̀. Ó dúró. Ó fa ọwọ́ rẹ̀ kúrò.

"Ọwọ́ ta nìyí? Ẹ ní kí àlejò máa lọ. Ẹ bá mi pe Armini."

Ọmọ náà ká aṣọ rẹ̀ sókè, ó gbé ìka ìyá lé àpá náà. Ìka náà dúró síbẹ̀ fún ìgbà pípẹ́.

"Ìwọ ni? Kí ló dé tí mi ò gbọ́ ọ mọ́?"

Armini bẹ̀rẹ̀ sí í wá ọwọ́ ilé, ọ̀kọ̀ọ̀kan, bí ẹni ń ṣa ìrẹsì nínú yanrìn. Kó tó parí gbólóhùn kan, ìka ìyá ti dẹ̀. Ó ti sùn. Kò jí mọ́.

Ẹ̀yin ọmọ ilé ìwé, Armini ló ní kí n kọ ọ́ fún yín. Kò sí èdè tó burú, ìbáà ṣe ti ẹnu, ìbáà ṣe ti ọwọ́. Kọ́ ti ẹlòmíràn, ó dára. Ṣùgbọ́n má torí ẹ̀rín ẹgbẹ́ sọ tìrẹ nù, nítorí ọjọ́ tí ẹni rẹ bá nílò rẹ̀, o lè má rí i lò mọ́. Ẹni tó sọ ilé nù, ó so àpò ìyà kọ́.

Ní àárọ̀ ọjọ́ tó tẹ̀lé ikú ìyá, Bàbá Kerta gbé ọkọ́, ó forí lé ọ̀nà itẹ́ òkú. Armini ń tẹ̀lé e. Ó bẹ̀rẹ̀, ó ṣa òkúta wẹ́wẹ́ kan, ó jù ú. Òkúta náà balẹ̀ níwájú ẹsẹ̀ bàbá, bàbá sì dúró, ó ń wò ó. Armini ti gbé ọwọ́ méjèèjì sókè, ẹ̀bẹ̀ ti wà lórí wọn.

Bàbá gbé ọkọ́ sí èjìká kejì. Ó ré òkúta náà kọjá, ó ń lọ, kò bojú wẹ̀yìn.