Ẹni Tó Lé Uzair Kúrò Nínú Fíìmù

Ní ọdún mẹ́sàn-án sẹ́yìn, àwọn tó ń ṣe fíìmù wá sí Minna, wọ́n sì mú Uzair láàárín ogójì ènìyàn tó tò sórí ìlà. Orí ìlà yẹn ló ti pàdé Bàlíkísù, ọmọge tó ń ta kúnú. Láàárín ọjọ́ mẹ́ta, wọ́n ti fẹ́ràn ara wọn.

Lọ́jọ́ kẹrin, ẹnìkan lọ sọ fáwọn oní-fíìmù pé Uzair kò parí pírámárì, kò lè ka ọ̀rọ̀ tí wọ́n kọ fún un. Wọ́n lé e lójú gbogbo ènìyàn.

Mùstàphá, ẹ̀gbọ́n Bàlíkísù, ló ń wa ọkọ̀ àwọn oní-fíìmù náà. Uzair gbà pé Mùstàphá ló lọ sọ. Láti ọjọ́ náà, kò kí i mọ́.

Bàbá Bàlíkísù ti kú. Mùstàphá nìkan ló lè fa Bàlíkísù fọ́kọ.

Lọ́dún yìí, Bàlíkísù wá bá Uzair níbi tó ti ń jó irin ní àdúgbò Maitumbi.

“Olólùfẹ́ mi, mo fẹ́ fi fóònù ya eré awàdà kan. Ọkùnrin kan ń wá bó ṣe máa wọ inú fíìmù, máígàdí ń lé e. Ẹnikẹ́ni ò ní sọ̀rọ̀ níbẹ̀.”

“Ta ni máígàdí?”

“Bọ̀ọ̀dá mi. Wọ́n ní tí ẹ̀yin méjèèjì bá ṣe é láìjà, àwọn á fún ẹ ní ìyàwó ẹ.”

“Haba, Bàlíkísù!”

Ṣùgbọ́n ó lọ.

Orí òkè ilé àkọ́kù kan ní àdúgbò Dutsen Kura ni wọ́n ti ṣe é. Ẹ̀ẹ̀mẹfà ni Mùstàphá gbé e sọ sórí iyanrìn tó wà nísàlẹ̀, tí àwọn aládùúgbò ń rẹ́rìn-ín.

“Jórinjórin, rọra ṣubú o, o kì í ṣe irin!” ni ọ̀kan nínú wọn pariwo.

Uzair náà rẹ́rìn-ín. Ọkàn rẹ̀ kò sí níbẹ̀.

Ó wá kàn kí Uzair náà ti máígàdí sórí iyanrìn náà. Iyanrìn wà lósì. Lọ́tùn-ún, àfọ́kù búlọ́ọ̀kù ni, tí irin yọrí nínú rẹ̀. Ìṣísẹ̀ méjì péré ló wà láàárín wọn.

Ó gbá Mùstàphá lọ́rùn aṣọ mú, ó ń fà á lọ sọ́tùn-ún, díẹ̀díẹ̀. Àwọn ènìyàn ń pàtẹ́wọ́.

“Àna mi, apá ibí kọ́ ni iyanrìn wà o,” Mùstàphá wí, ó ṣì ń rẹ́rìn-ín.

Uzair tún fà á.

Bàlíkísù rí ojú Uzair nínú fóònù tó fi ń yà wọ́n. Fóònù bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀.

“Uzair, fà bọ̀ọ̀dá mi padà! Àwọn kọ́! Èmi ni mo lọ sọ pé o ò kàwé. Àwọn oní-fíìmù fẹ́ mú ẹ lọ sí Kánò, ẹ̀rù bà mí pé o ò ní padà wá fẹ́ mi. Èmi ni, Uzair. Èmi ni!”