Sámúẹ́lì Tó Tètè Dé

Yọ̀mí ò tètè dé ibì kankan rí láyé ẹ̀. Àwọn ará ṣọ́ọ̀ṣì a máa fi ṣe yẹ̀yẹ́ pé lọ́jọ́ àjíǹde, òun ló máa jáde gbẹ̀yìn nínú sàréè. Ìdí nìyẹn tí ẹnu fi ya Màmá Ayọ̀ lọ́sàn-án Jímọ̀ yẹn, nígbà tó wọ inú ṣọ́ọ̀ṣì, tó rí i pé Sámúẹ́lì, ipa tí Yọ̀mí máa kó nínú eré wọn, ti jókòó sí kọ̀rọ̀ lẹ́bàá kọ́tìnnì, ó ti fi agbádá bora látorí dé àtẹ́lẹsẹ̀, ó ń dúró dè wọ́n.

"Háà, Yọ̀mí! Ìwọ lo tètè dé báyìí? Òjò á mà rọ̀ lónìí o!"

Òjò ọ̀hún kúkú ti ń rọ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀ ọ̀sẹ̀, òun fúnra ẹ̀ ló fi ọ̀rọ̀ ara ẹ̀ rẹ́rìn-ín. Ẹni tó wà lábẹ́ agbádá ò dáhùn. Kò tiẹ̀ mira. Obìnrin náà rò pé ọmọ yẹn ń kọ́ ipa tiẹ̀ ni, ó bá bẹ̀rẹ̀ sí í gbọn omi lára agbòjò ẹ̀. Òórùn aṣáà kan ń fẹ́ lẹ́lẹ́ nínú ṣọ́ọ̀ṣì. Ó ní bóyá inú àpótí ni òórùn náà ti bá agbádá wá.

Òun ló ni agbádá náà. Ẹ jẹ́ kí n sọ bó ṣe jẹ́. Eré ìkórè ni wọ́n fẹ́ ṣe lọ́dún yẹn, Jemimah tó jẹ́ olórí ẹgbẹ́ eléré ṣọ́ọ̀ṣì sì mú ìtàn Sọ́ọ̀lù ọba, tí ìdààmú bá, tó lọ bá obìnrin abókùúsọ̀rọ̀ kan ní Éńdórì pé kó bá òun pe wòlíì Sámúẹ́lì dìde nínú òkú. Sọ́ọ̀lù ò ṣòro rí. Oyèdàmọ́lá, olùkọ́ ilé-ẹ̀kọ́ ọjọ́ ìsinmi, ti ń wá ibi tó ti máa dé adé ó ti pẹ́. Obìnrin Éńdórì yẹn ni wọn ò rí. Gbogbo obìnrin ìjọ ló sá. Wọ́n ní obìnrin kan ní Kuta ṣe àjẹ́ nínú eré ṣọ́ọ̀ṣì rí, àtìgbà náà ni wọn ò ti jẹ́ kó gbé ọmọ tuntun mọ́, bí wọ́n bá sì ń pín jọ̀lọ́ọ̀fù níbi ìsọmọlórúkọ, tiẹ̀ ni wọ́n máa ń gbàgbé. Màmá Ayọ̀ ní òun á ṣe é. Ó ní bó bá jẹ́ torí jọ̀lọ́ọ̀fù ni, òun mọ̀ ọ́n sè nílé òun.

Ó tún ní òun ní agbádá tó máa yẹ Sámúẹ́lì, nítorí Bíbélì sọ pé agbádá ni bàbá náà fi bora nígbà tó ń gòkè bọ̀. Òfì àlàárì ni, ogún bàbá ẹ̀ ni. Láti ọjọ́ tí wọ́n ti gbé e lé e lọ́wọ́, kò tíì tú u wò; bó ṣe wà ní kíká náà ló gbé e sílẹ̀ fún Yọ̀mí ní ṣọ́ọ̀ṣì.

Ó yẹ kí n sọ èyí náà: Àṣàbí ni orúkọ ẹ̀ gan-an. Kò sẹ́ni tó mọ̀ ọ́n ní ṣọ́ọ̀ṣì. Màmá Ayọ̀ ni gbogbo wọn ń pè é. Bàbá ẹ̀, Ògúnkúnlé ará Ilé-Ogbó, nìkan ló ń pè é ní Àṣàbí, bàbá yẹn sì ti kú, wọ́n ti sin ín síwájú ilé ẹ̀.

Nígbà tí Jemimah àti Oyèdàmọ́lá dé, wọ́n bẹ̀rẹ̀. Oyèdàmọ́lá dojú bolẹ̀, ó ń ké bí ọba tí ogun ká mọ́. Àṣàbí fi ọwọ́ gbá ilẹ̀, ó sọ ọ̀rọ̀ tí wọ́n kọ́ ọ: "Mo rí bàbá àgbà kan tó ń ti inú ilẹ̀ bọ̀. Agbádá ló fi bora."

Ẹni tó wà ní kọ̀rọ̀ dìde.

Ohun tó yẹ kí Sámúẹ́lì ṣe ni pé kó kọjú sí Sọ́ọ̀lù, kó bi í pé kí ló dé tí kò jẹ́ kóun sinmi. Èyí ò wo Sọ́ọ̀lù rárá. Àṣàbí ló kọjú sí. Ó wúkọ́ díẹ̀, ó dákẹ́, ó tún wúkọ́. Orí obìnrin náà wú. Ó mọ ikọ́ yẹn. Láti kékeré ló ti mọ̀ ọ́n, ikọ́ tí wọ́n máa ń gbọ́ lójúde nílé wọn kí gbogbo ọmọ tó sáré lọ gbé àga.

"Àṣàbí."

Ohùn náà ò lọ sókè, bí ohùn ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ jí lójú oorun.

"Lọ́la, ìwọ àti àwọn ọmọ rẹ, ẹ wá sọ́dọ̀ mi. Ẹ tètè wá."

Ó rọra rìn lọ sẹ́yìn kọ́tìnnì. Jemimah pàtẹ́wọ́. "Yọ̀mí, o gbìyànjú! Àmọ́ ta ló ń jẹ́ Àṣàbí? Kò sí Àṣàbí kankan nínú eré wa o."

Kò tíì sọ ọ́ tán tí ilẹ̀kùn iwájú fi ṣí. Yọ̀mí ló wọlé, ó tutù rinrin, ẹnu ọ̀nà ló ti ń dọ̀bálẹ̀. "Ẹ jọ̀ọ́ mà, ẹ má bínú sí mi. Táyà ọ̀kadà tó gbé mi ló jò lọ́nà Olúpọ̀nnà, ẹsẹ̀ ni mo fi rìn dé ibí."

Oyèdàmọ́lá lọ fa kọ́tìnnì náà sí ẹ̀gbẹ́ kan. Ògiri ló wà lẹ́yìn ẹ̀, kò sí ilẹ̀kùn, kò sí fèrèsé. Agbádá àlàárì náà wà nílẹ̀, wọ́n ti ká a dáadáa, wọ́n yí ọrùn ẹ̀ sínú, bí Ògúnkúnlé ṣe máa ń ká aṣọ ẹ̀ tó bá ti òde dé.

"Ẹ̀jẹ̀ Jésù!" ni Jemimah ń pè, ó sì di Yọ̀mí mú pinpin, bóyá kó lè mọ̀ pé èèyàn ni.

Ní kíláàsì Oyèdàmọ́lá, ó ti pẹ́ tí wọ́n ti ń jiyàn lórí ìtàn yìí: ṣé Sámúẹ́lì gan-an ló dìde, àbí ẹ̀mí àìmọ́ kan ló gbé àwọ̀ ẹ̀ wọ̀? Lọ́jọ́ yẹn, kò bá ẹnikẹ́ni jiyàn. Ó bọ́ adé páálí kúrò lórí.

"Màmá Ayọ̀," ó rọra sọ ọ́, "ẹ jẹ́ ká fi ti ẹni tó jẹ́ sílẹ̀ ná. Ṣé ẹ rántí ohun tí Sámúẹ́lì sọ fún Sọ́ọ̀lù? Ó ní tó bá dọ̀la, òun àtàwọn ọmọ ẹ̀ á wà lọ́dọ̀ òun. Ṣebí wọ́n kú lóòótọ́, bàbá àtọmọ? Ẹ má lọ síbì kankan lọ́la. Ẹ wọ yàrá yín, ẹ ti ilẹ̀kùn mọ́rí, kí ẹ̀yin àtàwọn ọmọ máa ka Sáàmù títí ilẹ̀ á fi ṣú."

Jemimah ṣe àmín. Ọ̀rọ̀ gidi ni, ẹ̀rí ẹ̀ sì wà nínú Bíbélì. Àṣàbí gbé agbádá náà há abíyá, ó gba ilé lọ.

Yàrá kan ṣoṣo ló ń gbé pẹ̀lú àwọn ọmọ ẹ̀ méjèèjì, Ayọ̀nitèmi àti Ẹyinjúolúwa, nínú ilé alámọ̀ àtijọ́ kan tí wọ́n fi sìmẹ́ǹtì rẹ́ lójú. Ọkọ ẹ̀ ń wa ọkọ̀ àlùbọ́sà lókè Ọya. Ògiri ẹ̀yìn yàrá náà ti mu omi òjò yó, ó ti ń ṣí, Àṣàbí sì ti sọ fún onílé títí ẹnu fi rẹ̀ ẹ́. Yàrá tó tẹ̀ lé tiẹ̀ ni Ràhámọ̀tù àti ọkọ ẹ̀, Mùrí mẹkáníìkì, ń gbé.

Ràhámọ̀tù ń fẹ́ iná lọ́wọ́ nígbà tó rí ojú ẹ̀. "Ìyá Ayọ̀, kí ló dé? Ta ló kú?"

"Ẹni tó ti kú ló sọ̀rọ̀," Àṣàbí dá a lóhùn. Ló bá jókòó sórí àpótí kékeré kan, ó ro gbogbo ẹ̀ fún un.

"Subuhanalláì!" Ràhámọ̀tù fi abẹ̀bẹ̀ sílẹ̀. "Ṣé bàbá ẹ bínú sí ọ ni?"

Omijé wá sójú Àṣàbí. Ògún ni bàbá ẹ̀ ń bọ títí ọlọ́jọ́ fi dé. Lọ́jọ́ tí Àṣàbí ní inú ṣọ́ọ̀ṣì lòun á ti ṣègbéyàwó, bàbá náà ní ó dáa, àmọ́ ẹnu òun ò tún ní kan oúnjẹ tó bá ti ọwọ́ ẹ̀ wá. Ó sì dúró lórí ọ̀rọ̀ ẹ̀ bí alágídí.

"Gbogbo ọdún ni mò ń gbé oúnjẹ lọ fún un, Ràhámọ̀tù. Á gbé àwọn ọmọ mi sórí itan, á bá wọn ṣeré, á fún wọn ní iyọ̀ àti àgbàdo yíyan. Àwọn ìyàwó ẹ̀gbọ́n mi á gbé oúnjẹ wá, á jẹ ẹ́ tán, á fi omi ṣan abọ́, á dojú ẹ̀ délẹ̀. Tèmi nìkan ni kì í ṣí. Bí mo ṣe gbé e lọ ni mo ṣe ń gbé e bọ̀. Nígbà tó kú, ẹ̀gbọ́n mi ní bàbá ló ní kí wọ́n fún mi ní agbádá yìí. Mo mọ̀ pé irọ́ ni, ó kàn fẹ́ rẹ̀ mí lẹ́kún ni."

Ràhámọ̀tù ti igi sínú iná. "Èmi ò mọ Bíbélì o," ó ní, "àmọ́ obìnrin tó pe òkú yẹn ńkọ́? Ìwọ kọ́ lo ṣe ọba, obìnrin yẹn lo ṣe. Kí ló ṣẹlẹ̀ sí òun?"

Gbogbo ìwàásù tí Àṣàbí ti gbọ́ lórí ibẹ̀, ti Sọ́ọ̀lù ni, ti Sámúẹ́lì ni. Kò sẹ́ni tó sọ nǹkan kan nípa obìnrin náà ju pé àjẹ́ ni lọ. Ó wọlé lọ gbé Bíbélì, ó ṣí i síbẹ̀, ó ń fi ìka tẹ̀ lé e. Nǹkan kan ò ṣe obìnrin náà. Nígbà tí Sọ́ọ̀lù ṣubú lulẹ̀, tí ẹ̀rù àti ebi ti tán an lókun, obìnrin náà bẹ̀ ẹ́ kó jẹun. Ó pa ẹgbọrọ màlúù àbọ́sanra kan ṣoṣo tó ní nílé, ó po ìyẹ̀fun, ó ṣe àkàrà, ó gbé e síwájú ẹ̀, Sọ́ọ̀lù sì jẹ ẹ́. Ibẹ̀ lọ̀rọ̀ ẹ̀ parí sí.

"Oúnjẹ ló sè," Àṣàbí ní. "Ràhámọ̀tù, oúnjẹ ni obìnrin yìí sè!"

"Ṣé o rí i báyìí? Tó bá jẹ́ tiwa ni, sàárà la máa ní kó o ṣe fún bàbá ẹ. Oúnjẹ náà ni. Dìde, ká lọ ra iṣu. Èmi náà á bá ẹ lọ."

"Bó bá jẹ́ pé ikú ló fi ń pè wá ńkọ́?"

"Bàbá tó ń fún ọmọ ẹ ní àgbàdo?"

Àṣàbí wo àwọn ọmọ ẹ̀ tó ń fo okùn ṣeré nínú ọ̀dẹ̀dẹ̀. Ẹ̀rù bà á, irọ́ kọ́. Àmọ́ bàbá yẹn ò pa èyíkéyìí nínú wọn lẹ́kún rí. Ohun tó fọkàn tẹ̀ nìyẹn, lòun náà bá dìde.

Láàárọ̀ Sátidé, kí Mùrí tó lọ síbi iṣẹ́, ó bá wọn dúńbú àkùkọ tí Àṣàbí ń sìn de Kérésì, kí Ràhámọ̀tù náà lè rí i jẹ. Wọ́n gúnyán, wọ́n rọ ọ́ sínú kúlà, wọ́n wọ kẹ̀kẹ́ Màrúwá. Bí kẹ̀kẹ́ bá ti já sí kòtò, Àṣàbí á ní "Jésù!", Ràhámọ̀tù á ní "Bísímílà!", ẹni tó ń wa kẹ̀kẹ́ sì ń rẹ́rìn-ín wọn títí wọ́n fi dé Ilé-Ogbó.

Kò sẹ́nì kankan nílé. Láti ìgbà tí bàbá ti kú, títì nilé náà wà. Àṣàbí gbá ewé kúrò lórí sàréè, ó tẹ́ agbádá náà sórí àga bàbá ẹ̀ ní ìta gbangba iwájú ilé, ó gbé àpótí síwájú àga, ó bu iyán àti ọbẹ̀ sínú abọ́ tánganran, ó dé e. Ọkàn ẹ̀ ń dà á láàmú. "Olúwa," ó ní, "ẹ mọ̀ pé n ò bọ òkú. Bàbá mi ni mo gbé oúnjẹ wá fún." Ó kúnlẹ̀, ó kí i bó ṣe máa ń kí i, ó sì kó àwọn ọmọ lọ sẹ́yìnkùlé kí wọ́n lọ jẹun níbẹ̀.

Ibẹ̀ ni wọ́n wà tí fóònù Ràhámọ̀tù fi dún. Ẹkún ni Mùrí ń sun.

"Ṣé ẹ ti kúrò nílé? Àwọn ọmọ dà? Ẹ jẹ́ kí n gbọ́ ohùn wọn!"

"Gbogbo wa wà ní Ilé-Ogbó. Kí ló ṣẹlẹ̀?"

"Alihamudulilaì! Ògiri ẹ̀yìn ti wó. Gbogbo ẹ̀ ló dà sórí bẹ́ẹ̀dì Ìyá Ayọ̀, ó sì gbé tiwa mọ́ ọn. Àwọn ará àdúgbò ti ń fi ṣọ́bìrì wa yín!"

Fóònù bọ́ lọ́wọ́ Ràhámọ̀tù. Àṣàbí ti gbọ́ ọ. Inú yàrá yẹn ni Oyèdàmọ́lá ní kí wọ́n wà, kí wọ́n ti ilẹ̀kùn mọ́rí, kí wọ́n máa ka Sáàmù. Ó fa àwọn ọmọ ẹ̀ méjèèjì mọ́ra, ó ń fọwọ́ pa orí wọn, ó ń fọwọ́ pa apá wọn, ó wólẹ̀ nínú ẹrẹ̀ ẹ̀yìnkùlé yẹn. "Ọlọ́run mi, mo dúpẹ́! Mo dúpẹ́ o, n ò mọ bí mo ṣe lè dúpẹ́ ẹ̀ tán!" Ràhámọ̀tù kúnlẹ̀ tì í, òun náà ń sunkún ayọ̀. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ mọ Bíbélì jù mí lọ, ẹ máa bá iyàn yín lọ lórí ẹni tí Sámúẹ́lì jẹ́. Lọ́dọ̀ Àṣàbí, ìyẹn ti parí.

Nígbà tó rẹ̀ wọ́n, wọ́n dìde, wọ́n yí lọ síwájú ilé kí Àṣàbí lè dúpẹ́ lọ́wọ́ bàbá ẹ̀. Àwọn obìnrin méjèèjì dúró lójijì.

Ìdérí wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ àpótí. Eegun àkùkọ wà lórí ẹ̀, wọ́n ti fà á mu dáadáa. Abọ́ tánganran náà dojú délẹ̀.

"Ó lè jẹ́ ewúrẹ́," Ràhámọ̀tù rọra sọ ọ́. Ó bẹ̀rẹ̀, ó fi ìka kan abọ́ náà. Omi ṣì ń kán lára ẹ̀. Ó fa ọwọ́ ẹ̀ padà. "Ewúrẹ́ kì í ṣan abọ́."

Òórùn aṣáà bàbá ẹ̀ ń fẹ́. Àṣàbí na ọwọ́, ó gbé e lé agbádá tó wà lórí àga. Òtútù òjò wà níbi gbogbo láàárọ̀ yẹn, àmọ́ agbádá náà lọ́ wọ́ọ́rọ́, bí àga tí ẹnì kan ṣẹ̀ṣẹ̀ dìde lórí ẹ̀.

Kò sá. Ó rọra kúnlẹ̀ síwájú àga náà, omijé ń dà lójú ẹ̀, ó sì sọ ohun tí gbogbo ọmọ tó bá gbé oúnjẹ fún bàbá ẹ̀ máa ń sọ bí bàbá bá jẹun tán, tó sì ní ó ṣeun.

"Á gba ibi ire o, Bàbá mi."