Màrdíyà Kò Jáde Nínú Òbíríkítí

Màrdíyà ni orúkọ rẹ̀. Ọmọ ọdún mẹ́fà ni. Kpata ni ilé wọn wà, ní Lọ́kọ́jà.

Ní àràárọ̀, Màrdíyà ló ń gbá àgbàlá. Ṣàà, ṣàà, ṣàà.

Ó mọ ibi tí ilẹ̀ ti ga, lẹ́gbẹ̀ẹ́ ilé ìdáná. Ó mọ ibi tí ilẹ̀ ti rẹlẹ̀, lẹ́gbẹ̀ẹ́ gọ́tà. Bí ìdọ̀tí bá fẹ́ sá fún un, gọ́tà ló máa ń sá sí.

Ní ọjọ́ Sátidé kan, Bàbá Lìádì, bàbá bàbá rẹ̀, ti Kùtọnu dé. Wọ́n sọ àpò kan kalẹ̀. Gbì!

Bọ́ọ̀lù irin mẹ́fà ló wà nínú àpò náà. Bọ́ọ̀lù igi kan tún wà níbẹ̀, ó kéré ju ọsàn wẹ́wẹ́ lọ.

Bàbá ní eré àwọn ará Faransé ni. Pẹtánkì ni wọ́n ń pè é.

Wọ́n fi igi fa òbíríkítí sílẹ̀. Wọ́n ju bọ́ọ̀lù igi síwájú.

“Dúró sínú òbíríkítí,” ni Bàbá wí. “Pa ẹsẹ̀ méjèèjì pọ̀. Má gbé ẹsẹ̀ títí bọ́ọ̀lù irin tí o jù á fi balẹ̀. Mẹ́ta ni ti ẹnì kọ̀ọ̀kan. Ẹni tí irin rẹ̀ bá sún mọ́ bọ́ọ̀lù igi jù lọ, òun ló borí.”

Bàsítì, ẹ̀gbọ́n Màrdíyà, fẹ́ bá Stephen ará ilé kejì ṣeré náà. Àfi bí ìyá Stephen ṣe pè é pé kó wá pọnmi. Stephen fi irin mẹ́ta tirẹ̀ sílẹ̀, ó lọ.

“Bọ̀ọ̀dá, ẹ jẹ́ kí n bá yín ṣe é,” ni Màrdíyà wí.

Bàsítì ní ó ti kéré jù. Ó ní irin á bọ́ lé e lẹ́sẹ̀, á sì bẹ̀rẹ̀ ẹkún. Ó ní kó lọ wá ìgbálẹ̀ rẹ̀.

Inú bí Màrdíyà. Inú bí i gan-an.

Bàsítì dá ju irin tirẹ̀. Gbì! Gbìrì, gbìrì, gbìrì, ó di inú gọ́tà. Èkejì náà, gọ́tà. Ẹ̀kẹta dúró ní ìṣísẹ̀ méjì sí bọ́ọ̀lù igi.

“Mo borí,” ni Bàsítì wí. Ta ni ó bá ṣeré? Ara rẹ̀ ni.

Màrdíyà kó irin Stephen mọ́ra. Ó wọ inú òbíríkítí. Ó pa ẹsẹ̀ méjèèjì pọ̀.

“Jáde,” ni Bàsítì wí.

“N ò jáde.”

Bàsítì fẹ́ fà á lọ́wọ́. Bàbá Lìádì gbórí sókè lórí ẹní tí wọ́n dùbúlẹ̀ sí.

“Abẹ́rẹ́ kéré, kì í ṣe mímì fún adìẹ. Fi í sílẹ̀ kó ju irin rẹ̀.”

Màrdíyà ju ọ̀kan. Gbì! Iwájú ẹsẹ̀ rẹ̀ báyìí ló bọ́ sí. Bàsítì rẹ́rìn-ín títí ó fi di ikùn mú.

“Ó tó. Jáde.”

“Ó ku méjì. N ò jáde.”

Ó ju èkejì. Gbì! Gbìrì, gbìrì, gbìrì, ó di inú gọ́tà.

“Ó tó. Jáde.”

Omi lé ròrò sójú Màrdíyà. Ẹsẹ̀ rẹ̀ kò yẹ̀.

“Ó ku ẹyọ kan. N ò jáde.”

Ó wo ilẹ̀. Ó rántí ibi tí ìdọ̀tí máa ń sá sí. Ó wá kọjú sí ọ̀nà ilé ìdáná.

Bàsítì ní bọ́ọ̀lù igi kò sí lọ́hùn-ún. Màrdíyà na ọwọ́ sẹ́yìn. Ó ju irin.

Gbì! Ẹ̀gbẹ́ ilé ìdáná ló bọ́ sí.

Gbìrì… Ó ń bọ̀.

Gbìrì… gbìrì… Ó kọjá irin Bàsítì.

Kó! Ó kan bọ́ọ̀lù igi, ó sì dúró tì í.

“Màrdíyà ló borí,” ni Bàbá Lìádì wí.

Bàsítì wo irin. Ó wo ilẹ̀. Ó béèrè ẹni tó kọ́ ọ.

“Ẹ ní kí n lọ wá ìgbálẹ̀ mi,” ni Màrdíyà wí. “Òun ló kọ́ mi.”

Ilẹ̀ ọjọ́ kejì mọ́. Ṣàà, ṣàà, ṣàà.

Màrdíyà kọ́. Bàsítì ló ń gbálẹ̀, ó ń wo ibi tí ìdọ̀tí ń sá sí.

“Bọ̀ọ̀dá, ẹ gbá ẹ̀gbẹ́ gọ́tà náà,” ni Màrdíyà wí. Inú òbíríkítí ló dúró sí, irin ń bẹ lọ́wọ́ rẹ̀, ó ń dúró dè é.