Sàdíátù àti Ọmọ tí Wọ́n Fi Obì Ṣe

Sàdíátù nìyí. Sábó ní Ṣàgámù ni ilé wọn wà, ilé olóbì.

Sàdíátù dúdú. Wọ́n di ṣùkú fún un. Ó ní èjí lẹ́nu.

Ó wo àwòrán yíyà tó ń sáré nínú tẹlifíṣàn. Ó wò ó ní Sátidé, ó wò ó ní Sọ́ńdè. Kò rí ọmọ dúdú kankan níbẹ̀.

"Àǹtí mi, ṣé irú mi kò sí ni?" Inú rẹ̀ bàjẹ́.

Àǹtí Sàfúrátù, àbúrò ìyá rẹ̀, máa ń ṣe fíìmù. Ó ní, "Ó wà. Màá yà á."

Ó mú ìwé, ó ya Sàdíátù tó jókòó. Ó yà á tó ń dìde. Ó yà á tó ń rìn. Bí kámẹ́rà bá mú àwòrán wọ̀nyí lọ́kọ̀ọ̀kan, ọmọ inú ìwé á máa rìn.

Oṣù mẹ́rin ló fi yà wọ́n. Ìwé kún páálí.

Láàárọ̀ ọjọ́ kan, Yèyé, ìyá àgbà wọn, ń di obì sínú agbọ̀n. Ewé gbòdògì tó fi ń bo obì tán. Ọkọ̀ Kánò sì ń fọn fèrè. Púù! Púù!

Yèyé rí ìwé nínú páálí. Ó fi tẹ́ agbọ̀n. Ó fi bo obì.

Wọ́n gbé agbọ̀n sínú ọkọ̀. Ọkọ̀ gbéra. Gbùùù. Ó lọ.

"Yèyé, ìwé mi dà?" Àǹtí ló bèèrè.

"Mo ṣe bí o ti lò ó tán ni."

Àǹtí Sàfúrátù jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀. Kò jẹun. Yèyé kò lè gbé ojú sókè.

"Ẹ tún un yà, Àǹtí mi."

"Lọ́la ni oníkámẹ́rà ń bọ̀ wá gba kámẹ́rà rẹ̀. Ó ti parí, ọmọ mi."

Sàdíátù sunkún títí ọ̀fun rẹ̀ fi gbẹ. Irú rẹ̀ kò ní sí mọ́ láéláé.

Ó lọ jókòó ti òkìtì obì tí kòkòrò ti jẹ. Ó to obì pupa, ó di ojú ọmọ. Ó fi ewé gbígbẹ ṣe ṣùkú. Ó fi obì funfun ṣe eyín. Ó fi àyè sílẹ̀ láàárín.

Ó sún obì kan díẹ̀. Ẹnu ọmọ náà là.

"Àǹtí mi, ẹ wá wò ó. Ó ń rẹ́rìn-ín."

Ó pẹ́ kí Àǹtí tó dìde. Ó wò ó. Ó gbé kámẹ́rà.

Sàdíátù sún obì. Kámẹ́rà dún, kẹ́! Ó tún sún obì. Kẹ́! Yèyé náà bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, ó ń bá wọn sún un.

Fíìmù lọ sí Èkó, wọ́n fọ̀ ọ́, ó sì padà dé. Àwọn ìwé kò padà láti Kánò. Ó ṣì ń dun Àǹtí.

Wọ́n ti fèrèsé. Wọ́n ta aṣọ funfun mọ́ ògiri. Ẹ̀rọ fíìmù ń kùn, tìrrr.

Fíìmù náà kúrú. Kò ní àwọ̀, obì pupa wá dúdú minimini.

Ọmọ náà la ẹnu. Èjí rẹ̀ yọ.

Yèyé wo ògiri. Ó wo Sàdíátù. "Ta nìyẹn?"

Sàdíátù rẹ́rìn-ín. Èjí tirẹ̀ náà yọ.

"Èmi ni, Yèyé."