Ta Ni Yóò Mú Bàbá Kúkù Dé Òkè Òkun?

"Bí o bá fi ẹsẹ̀ rẹ wọ bàlúù yẹn, má padà sínú ilé yìí mọ́! Mo ti sọ tèmi!"

Káfíńtà ló ń pariwo bẹ́ẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà yàrá, ìyẹ̀fun igi ṣì wà nínú irun rẹ̀. Aya rẹ̀, tí gbogbo ilé ń pè ní Nọ́ọ̀sì nítorí iṣẹ́ tó ń ṣe ní ọsibítù, jókòó sí etí ibùsùn. Aṣọ tó ń ká lọ́wọ́ ti bọ́ sílẹ̀.

"Ọkọ mi, kí ni mo ṣe? Ẹ sáà sọ ọ́ fún mi! Ẹ̀yin náà lẹ ní kí n mú Bàbá lọ. Ẹ̀yin lẹ fi tẹ̀ríntẹ̀rín gbé àpótí yìí sọ̀ kalẹ̀ fún mi. Kí ló wá dé?"

"Ohun tó dé wà nínú ọkàn rẹ! Bi ara rẹ léèrè!"

Ó gbá ilẹ̀kùn mọ́ ọn, ó lọ. Háà, ẹ̀yin ènìyàn! Ọkọ tó ń bínú sí aya rẹ̀ tí kò jẹ́ sọ ohun tó fà á, adájọ́ tó dá ẹjọ́ kó tó gbọ́ ọ ni. Nọ́ọ̀sì kò mọ̀ pé wọ́n ti rọ májèlé sí ọkọ òun létí, àti pé ọwọ́ tó rọ ọ́ ń bá òun fọ abọ́ nínú ilé ìdáná kan náà.

Ọ̀rọ̀ ìrìnàjò ló bí gbogbo rẹ̀. Bàbá ọkọ rẹ̀, Bàbá Kúkù, fi ìgbà ọ̀dọ́ rẹ̀ se oúnjẹ nínú ọkọ̀ òkun. Ní ọdún kan, ọkọ̀ wọn gúnlẹ̀ sí ìlú ńlá kan ní ilẹ̀ Éṣíà, níbi tí àwọn Ṣáínà, àwọn ará Íńdíà àti àwọn Màléè ti jọ ń gbé, tí mọ́ṣáláṣí, ṣọ́ọ̀ṣì àti ilé òrìṣà ń fi ògiri ti ara wọn. Ibà dá a dùbúlẹ̀ níbẹ̀, ọkọ̀ sì bá tirẹ̀ lọ. Àwọn tí kò gbọ́ ọ̀rọ̀ kan lẹ́nu rẹ̀ ló tọ́jú rẹ̀: Ṣáínà kan tó ń tún aago ṣe ló fún un ní ibùsùn, ìyá Íńdíà kan tó ń ta òdòdó ń bu omi sí i lẹ́nu, aránṣọ Màléè rán aṣọ tó wọ̀ lọ́jọ́ tó dìde. Nísinsìnyí, ojú bàbá ti ń ṣú. Dókítà ti sọ fún un pé ohun tó bá fẹ́ fi ojú rẹ̀ rí, kó tètè lọ rí i.

"Òpópó yẹn ni mo fẹ́ rìn lẹ́ẹ̀kan sí i," ni bàbá sọ fún àwọn ọmọ rẹ̀ méjèèjì. "Ọjọ́ díẹ̀ péré. Nọ́ọ̀sì ni kó mú mi lọ. Òun ló mọ oògùn mi, òun ló sì ní sùúrù."

Gbólóhùn yẹn ló dá iná sílé.

Láti ìgbà náà, bí Nọ́ọ̀sì bá ti ti ibi iṣẹ́ dé, yóò kán oògùn sójú bàbá, àwọn méjèèjì yóò wá jókòó ti tábìlì. Bàbá yóò kó ife àti abọ́ jọ, yóò máa tò wọ́n.

"Ife funfun yìí ni mọ́ṣáláṣí. Abọ́ iyọ̀ yìí, ilé òrìṣà àwọn ará Íńdíà nìyẹn. Bá mi sún ìgò yẹn síbí, ṣọ́ọ̀ṣì ni. Àárín wọn la ó gbà kọjá láàárọ̀ kí oòrùn tó mú."

"Bàbá, ẹ ti kọ́ ìlú sórí tábìlì tán! Níbo la ó ti wá jẹun?"

"Lórí òrùlé mọ́ṣáláṣí kọ́ ṣá!"

Wọn á rẹ́rìn-ín títí. Nọ́ọ̀sì á wá pe Ọ̀gá Ìrìnàjò, ẹni tó ń ṣètò ìrìnàjò fún àwọn ènìyàn láàárín ìgboro. "Ọ̀gá mi, ẹ jọ̀ọ́, hòtẹ́ẹ̀lì tí àtẹ̀gùn rẹ̀ kò pọ̀ o. Ẹ ṣeun, Ọ̀gá mi, mi ò lè dúpẹ́ tán."

Gbogbo ẹ̀rín yìí ń gún Sísí Dígí lọ́kàn bí abẹ́rẹ́. Aya Tíṣà ni, Tíṣà sì ni àbúrò Káfíńtà. Dígí kan kì í kọjá lójú rẹ̀ kó má kí i. Títí dé fèrèsé mọ́tò tí wọ́n bá gbé kalẹ̀, yóò dúró tún ètè kùn níbẹ̀. Ìpara àti àtíkè ló ń tà. Ẹwà pọ̀ lára rẹ̀ lóòótọ́, ṣùgbọ́n inú rẹ̀ dúdú ju ìdí ìkòkò lọ.

"Ṣé òun nìkan ló fẹ́ ọmọ Bàbá ni?" ló máa ń kùn. "Ẹni tó bá mú arúgbó dé ibi tí ọkàn rẹ̀ wà, ẹni náà ni arúgbó máa fún nílé! Kò ní ṣojú mi!"

Kò pẹ́ lẹ́yìn èyí tí Káfíńtà gbé ìrọ̀rí rẹ̀ lọ sí pálọ̀, tó ń sùn níbẹ̀, tó sì pariwo ọ̀rọ̀ bàlúù tí ẹ gbọ́ yẹn. Ọjọ́ kejì ìjà náà, Nọ́ọ̀sì mú oògùn ojú lọ bá bàbá. Ó bá tábìlì lófìfo. Bàbá ti kó gbogbo ife kúrò.

"Fi í sílẹ̀," ni bàbá wí, kò wo ọ̀dọ̀ rẹ̀. "Sísí á kán an fún mi. Òun náà ló máa mú mi lọ."

"Bàbá! Kí ni mo ṣẹ̀ yín?"

"O ò ṣẹ̀ mí. Iṣẹ́ rẹ pọ̀. Mi ò fẹ́ di ẹrù sí ẹnikẹ́ni lórí."

Ọ̀rọ̀ náà bọ́ sí Nọ́ọ̀sì láyà bí òkúta. Ó bá Sísí Dígí nílé ìdáná, tó ń fi ìdí páànù tó ń dán wo eyín rẹ̀.

"Sísí, kí lo sọ fún Bàbá?"

"Èmi kẹ̀? Ìyálé mi, ẹ má fi mí ṣeré o! Kí ahọ́n mi já bí mo bá sọ nǹkan kan! Bàbá ló fẹ́ràn mi, ṣé kí n wá kọ̀ ọ́ ni?"

"Bàbá tí o kì í kí bí wọ́n bá jí? Bàbá tí o ní òórùn oògùn wọn ń ba tùràrí rẹ jẹ́?"

Sísí Dígí ju páànù sílẹ̀. Ó gbàgbé 'ẹ', ó bẹ̀rẹ̀ sí í fi 'o' bá ìyálé rẹ̀ sọ̀rọ̀.

"Gbọ́ mi dáadáa! Ó ti pẹ́ tó o ti ń ṣe bí áńgẹ́lì nínú ilé yìí! Aṣọ funfun kì í sọ ènìyàn di mímọ́! Èmi ni mò ń lọ. Àwọn oníbàárà mi ti gbọ́, gbogbo àdúgbò ti gbọ́. Bí inú bá ń bí ọ, gbé orí rẹ gbá ògiri!"

Ẹlòmíràn ì bá gbá a létí, a kò sì ní bá a wí. Ṣùgbọ́n ẹni tí kò mọ ìdí ìjà, ibo ló ti fẹ́ bẹ̀rẹ̀ sí í là á? Nọ́ọ̀sì kàn sọ pé, "Oògùn yẹn, ìsàlẹ̀ ẹyinjú ni kó o máa kán an sí. Jẹ́ kí wọ́n di ojú díẹ̀ lẹ́yìn rẹ̀." Ó jáde. Ní ẹ̀yìnkùlé, ó fi etí ìborùn dí ẹnu, ó sunkún. Ẹ ò rí ayé! Ẹni tí wọ́n ń rẹ́ jẹ ṣì ń kọ́ arẹ́nijẹ ní iṣẹ́.

Àwọn ọjọ́ tó tẹ̀ lé e korò bí jogbo. Káfíńtà ń jẹ oúnjẹ tirẹ̀ láìsọ̀rọ̀. Ní ọsibítù, aláìsàn kan bi Nọ́ọ̀sì pé, "Nọ́ọ̀sì, ta ló kú?" Ó ní ẹnikẹ́ni kò kú. Ṣùgbọ́n ó ń ṣe é bí ẹni pé òun ni.

Ṣùgbọ́n Bàbá Kúkù kò fi ọ̀rọ̀ òpópó rẹ̀ ṣeré. Láìsọ fún ẹnikẹ́ni, ó pe Ọ̀gá Ìrìnàjò fúnra rẹ̀. Ó ní kó wá sílé, kí òun lè fi ẹnu ara òun júwe ibi tí òun ń fẹ́.

Ọ̀sán Sátidé ni. Sísí Dígí ti lọ ṣe irun tí yóò fi wọ bàlúù. Nọ́ọ̀sì ṣílẹ̀kùn fún ìyá àgbàlagbà kan, ó sanra, irun rẹ̀ funfun, ó fi ọ̀pá tẹlẹ̀ wọlé.

"Ohùn yìí ni mo mọ̀!" ni ìyá náà wí, ó gbá a mọ́ra. "Nọ́ọ̀sì mi! Ojú rẹ ni mi ò mọ̀."

Kò pẹ́ tí Káfíńtà àti Tíṣà wọlé. Àwọn méjèèjì dọ̀bálẹ̀ kí àlejò. Káfíńtà rò pé ẹni tó ń bá aya òun ṣiṣẹ́ ni, ó ti fẹ́ máa kọjá lọ. Ìyá náà kọjú sí bàbá.

"Bàbá, ohun kan ń jẹ mí lọ́kàn. Kí ló dé tí ẹ fi ní lórí fóònù pé Nọ́ọ̀sì kò lọ mọ́? Ẹni tó mọ oògùn yín lẹ yọ kúrò?"

Ìbéèrè yẹn ni Káfíńtà gbọ́, tí ìbínú tó ti ń gbé mì fi bú jáde.

"Ẹ jẹ́ kí n sọ ọ́! Ó ti tó gẹ́ẹ́! Ẹ bi í léèrè àlè rẹ̀! Ẹ bi í léèrè ọkùnrin onírùngbọ̀n tó ń pè ní Ọ̀gá Ìrìnàjò, tó ń fi mọ́tò gbé e kiri lẹ́yìn iṣẹ́! Etí ara mi ni mo fi gbọ́ ọ tó ń rẹ́rìn-ín sí i lórí fóònù: 'Ọ̀gá mi, mi ò lè dúpẹ́ tán!' Kí àwọn méjèèjì jọ wọ bàlúù, kí èmi máa fá igi nílé? Láé!"

Ìyá àgbà rọra gbé ọwọ́ sí àgbọ̀n rẹ̀, ó pa á lọ, ó pa á bọ̀.

"Irùngbọ̀n náà dà? Ọmọ mi, èmi ni Ọ̀gá Ìrìnàjò. Àkọ́bí mi jù ọ́ lọ."

Nọ́ọ̀sì kò fìgbà kan sọ pé ọkùnrin ni. 'Ọ̀gá ní ká ṣe báyìí, Ọ̀gá ní ó ń bọ̀', bẹ́ẹ̀ ló máa ń wí. Ẹnìkan ló so irùngbọ̀n mọ́ orúkọ náà, owú sì dì í mú kó má bọ́.

"Ẹ̀gbọ́n mi, ta ló sọ fún yín pé ọkùnrin ni?" ni Tíṣà bi í, ohùn rẹ̀ rẹlẹ̀.

Àsìkò yẹn gan-an ni Sísí Dígí gbé orí tuntun wọlé. Káfíńtà na ìka sí i. "Ìyàwó rẹ ni. Ó ní òun rí ọkùnrin náà pẹ̀lú ojú òun. Ó bẹ̀ mí kí n má sọ fún Nọ́ọ̀sì, pé yóò wá bí yóò ṣe bo ara rẹ̀."

"Irọ́ ni! Wọ́n sọ fún mi ni!" Sísí Dígí ń wo ilẹ̀kùn. "Mi ò tiẹ̀ mọ̀ pé obìnrin ni! Mi ò rí màmá yìí rí! Bí mo bá ti rí wọn rí, kí n má rí ẹ̀yìn ọ̀la!"

"Má búra mọ́, ọmọ!" Ọ̀gá Ìrìnàjò na ọ̀pá sí i. "Ìwọ kọ́ lo wá sí ọ́fíìsì mi, tí o dúró ti fèrèsé mi, tí ò ń kun ètè? O ní kí n wá ẹni tí yóò jókòó ti bàbá arúgbó nínú yàrá hòtẹ́ẹ̀lì, kí o lè ráyè lọ kó ọjà ìpara. Mo ní òpópó tó fẹ́ rí ńkọ́? O ní kò ríran dáadáa! O ní kí wọ́n sáà mú un dúró létí títì èyíkéyìí, kí wọ́n sọ fún un pé òun nìyẹn! Mo rò pé alákọrí kan lásán ni ọ́, mo lé ọ jáde. Mi ò mọ̀ pé bàbá yìí lò ń wí!"

Bàbá Kúkù dìde. Ó di etí tábìlì mú.

"Títì èyíkéyìí," ló wí. Ó tún un wí. "Títì èyíkéyìí! Sísí, ìwọ lo sọ fún mi pé òórùn mi ń rí Nọ́ọ̀sì lára, pé ó ní òkú lòun fẹ́ máa gbé kiri lókè òkun. Mo sì gbà ọ́ gbọ́! Ojú mi ni mò ń sunkún lé lórí, àṣé etí mi ló ti kọ́kọ́ fọ́. Nọ́ọ̀sì, ọmọ mi, dárí jì mí."

"Bàbá, ẹ jókòó," ni Nọ́ọ̀sì wí, omijé ń dà lójú rẹ̀. "Èmi sọ bẹ́ẹ̀? Èmi?"

Sísí Dígí wó lulẹ̀, ó di ẹsẹ̀ Nọ́ọ̀sì mú. "Ìyálé mi! Ẹ ṣàánú mi! Iṣẹ́ èṣù ni!"

"Fi èṣù sílẹ̀," ni Tíṣà wí. Ọkùnrin jẹ́jẹ́ ni, ẹnikẹ́ni kò gbọ́ igbe rẹ̀ rí, kò sì pariwo lọ́jọ́ náà. "Èṣù kì í kun ètè. Lọ kó ẹrù rẹ, kí o padà sọ́dọ̀ àwọn òbí rẹ. Bí mo bá fẹ́ rí ọ, màá ránṣẹ́."

Bí irọ́ bá sáré fún ogún ọdún, ọjọ́ kan ṣoṣo ni òtítọ́ ń bá a! Àwọn tó ti ń bá Sísí Dígí yọ̀ ládùúgbò ló ń yọ ṣùtì sí i bó ṣe ń gbé àpò jáde. Àwọn oníbàárà rẹ̀ ní ẹni tó lè kun irọ́ dán báyìí, ta ló mọ ohun tó ń pò mọ́ ìpara? Ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ di títì pa. Títí di òní, a kò tíì gbọ́ pé ọkọ rẹ̀ ránṣẹ́ pè é.

Ní òwúrọ̀ ọjọ́ ìrìnàjò, Káfíńtà ló ru àpótí méjèèjì dé pápákọ̀ òfuurufú. Ó ti dọ̀bálẹ̀ fún aya rẹ̀, ó ti bẹ àwọn àgbà sí i, ó ti padà sí yàrá, ṣùgbọ́n ẹ̀yìn ni Nọ́ọ̀sì ń kọ sí i bí ilẹ̀ bá ṣú. Lẹ́nu ọ̀nà tí àwọn tí kò rìnrìn àjò kò gbọdọ̀ kọjá, ó di ọwọ́ rẹ̀ mú.

"Nọ́ọ̀sì, ṣé o ti dárí jì mí?"

Nọ́ọ̀sì wò ó.

"Ọkọ mi, ẹ ṣeun tí ẹ bi mí. Ká ní ẹ ti bi mí léèrè lọ́jọ́ yẹn, ì bá ti tán lọ́jọ́ yẹn. Ẹ jẹ́ kí n mú Bàbá rìn ná. Bí mo bá dé, ẹ tún bi mí."

Ó yọ ọwọ́ rẹ̀, ó fi di apá bàbá mú, àwọn méjèèjì wọlé lọ. Kò wẹ̀yìn.