Ìbọn Lọ́wọ́ Wándé

Gbàà! Gbàà! Gbàràmù!

Dígí iwájú ṣọ́ọ̀bù góòlù Alhaji Làtíìfù fọ́ yángá!

Aago márùn-ún ìrọ̀lẹ́ ò tíì lù o! Ṣùgbọ́n oṣù January ni, òkùnkùn ti bo Rye Lane ní London. Àwọn èèyàn ṣì ń ná ẹja lódìkejì títì nígbà tí àwọn mẹ́ta tó bo ojú já wọlé.

"Everybody, down! Ẹ dojú bolẹ̀!"

Rahmah fàyà lélẹ̀. Ó fa Àmínát mọ́ra.

Ọmọ ọdún mọ́kàndínlógún ni Àmínát, ọ̀sẹ̀ kẹta rẹ̀ lẹ́nu iṣẹ́ nìyí. Rahmah ló bá a wá iṣẹ́ náà. Ohun tí Rahmah ń ṣe jẹun nìyẹn: ó wà ní ọ́fíìsì kan tí wọ́n ti ń bá àwọn ọ̀dọ́ tí kò ríṣẹ́ wá ọ̀nà. Ó kàn yà wo ọmọ náà ni. Àfi bó ṣe kó sáàárín ogun!

Olórí wọn gbé ìbọn sókè. Ó ká apá aṣọ rẹ̀, ońdè dúdú kan yọ.

"Ẹ wo apá mi! Feds ò lè rí mi, bullet ò lè wọlé! Ta ló láyà níbí? Ta ló láyà?"

Kò sẹ́ni tó láyà. Alhaji ń pe Ọlọ́run lábẹ́ káńtà.

Èkejì ń fi hámà fọ́ àpótí dígí. Ẹ̀kẹta, ọmọ gíga tẹ́ẹ́rẹ́ kan, ń kó ẹ̀gbà ọrùn sí báàgì. Òun ló kígbe:

"Shiloh, ó tó, fam! Jẹ́ ká lọ!"

Ohùn yẹn!

Rahmah gbórí sókè. Ẹ̀ẹ̀meje lòun àti ohùn yẹn ti jọ ṣe ìdánrawò bí èèyàn ṣe ń dáhùn níwájú ọ̀gá tó fẹ́ gbani síṣẹ́.

"Wándé?"

Ó ti bọ́ lẹ́nu rẹ̀ kó tó lè gbé e mì.



Shiloh, olórí wọn, rọra yíjú. "Ó mọ orúkọ ẹ, bro?" Ó ki ìbọn bọ ọwọ́ ọmọ gíga náà. "Wàhálà ẹ nìyẹn. Parí ẹ̀. Yìn ín!"

Wándé na ìbọn. Rahmah rí ojú rẹ̀ láti inú ihò ìbòjú. Omi ti kún un.

"Aunty, ẹ má wò mí," ó ní, pẹ̀lú Yorùbá rẹ̀ tó ń ró bí òyìnbó.

Rahmah dijú. Ó bẹ̀rẹ̀ sí í ka kálímà ṣàhádà.

Gbòlà!

Àjà ló yìn ín sí! Eruku funfun dà lé wọn lórí.

Wíún! Wíún! Wíún! Ọkọ̀ ọlọ́pàá ti ń bọ̀!

"Feds! Move!"

Shiloh àti oníhámà fò mọ́ alùpùpù tó wà lẹ́nu ọ̀nà. Vùùùm! Wọ́n ti lọ! Wọn ò wẹ̀yìn wo Wándé.

Wándé ju báàgì sílẹ̀, ó fẹsẹ̀ fẹ́ ẹ. Ìbọn ṣì wà lọ́wọ́ rẹ̀.

Rahmah mọ ohun tó ń bọ̀. Ìró ìbọn ti dún. Àwọn ọlọ́pàá tó ń gbé ìbọn ló máa wá. Bí wọ́n bá rí ọmọ dúdú tó mú ìbọn dání nínú òkùnkùn, ta ni yóò dúró bèèrè pé àjà ló yìn ín sí?

Ó bọ́ bàtà gìgísẹ̀ rẹ̀. Ó sá tẹ̀ lé e!

"Aunty Rahmah! Ẹ padà!" Àmínát kígbe. Rahmah ti lọ!

Obìnrin ẹni ọdún mẹ́rìnlélógójì, pẹ̀lú híjáàbù, láìwọ bàtà, ló ń sáré gba iwájú àwọn oníṣu àti onífóònù kọjá! Àwọn èèyàn ń là fún un. Títì tutù bí yìnyín.

Bó ṣe ń sáré, bẹ́ẹ̀ lọ̀rọ̀ ọmọ náà ń yí nínú rẹ̀.

Ọdún méjì ni Wándé fi wáṣẹ́ lẹ́yìn ilé ẹ̀kọ́. Ìgbà tó yá, Rahmah bá a rí ìkọ́ṣẹ́ oṣù mẹ́fà ní ibi ìkẹ́rùsí kan. Wọ́n ṣèlérí pé yóò di iṣẹ́ gidi. Lọ́jọ́ tí oṣù kẹfà pé, wọ́n fi íméèlì kan ṣoṣo lé gbogbo àwọn méjìlá tó ń kọ́ṣẹ́ níbẹ̀ lọ, wọ́n sì gba méjìlá tuntun.

Wándé ò gbé fóònù mọ́. Rahmah pè é lẹ́ẹ̀mẹ́ta. Kò pè é lẹ́ẹ̀kẹrin.

Rahmah bá a ní pápá Peckham Rye, lẹ́yìn igi ńlá kan. Ọmọ náà ti ṣí ìbòjú. Ó ń mí hẹlẹhẹlẹ.

Gbàgbàgbàgbà! Hẹlikọ́pítà ọlọ́pàá ti dé òkè orí wọn.

"Aunty, ẹ lọ!"

"Ju ìbọn yẹn sílẹ̀, Wándé."

"Ọwọ́ mi ò ṣí!"

Òótọ́ ni. Òtútù àti ẹ̀rù ti lẹ ìka rẹ̀ mọ́ irin.

"Tí mo bá wọ ẹ̀wọ̀n, who's gonna hire me? Ta ló máa gbà mí, Aunty?"

Rahmah fẹ́ sọ ohun tó máa ń sọ fún wọn lọ́fíìsì, pé yóò dára. Kò lè sọ ọ́.

"Mi ò mọ̀, ọmọ mi. Mi ò parọ́ fún ẹ. Ṣùgbọ́n òkú kì í wáṣẹ́."

Ó di ọwọ́ ọmọ náà mú. Ó ṣí ìka kan. Ó ṣí èkejì. Pọ́! Ìbọn já sórí koríko.

Iná funfun tàn bá wọn lójú!

"Armed police! Show me your hands!"

"He's dropped it! Don't shoot!" Rahmah na ọwọ́ méjèèjì sókè, ó dúró síwájú ọmọ náà. "Ó ti jù ú sílẹ̀! Wándé, kúnlẹ̀!"

Wándé kúnlẹ̀. Ṣẹ́kẹ́ṣẹkẹ̀ dún: kẹ́kẹ́!

Ọlọ́pàá obìnrin kan bi Rahmah bóyá òun ni ìyá rẹ̀.

"Rárá," ó ní. "Èmi ni mo ń bá a wáṣẹ́."

Shiloh ńkọ́? Lọ́nà New Cross, alùpùpù yọ̀ nínú ẹrẹ̀. Gbìì! Oníhámà ò lè dìde, ẹsẹ̀ ti kán. Shiloh sá pamọ́ sẹ́yìn àwọn garawa ìdọ̀tí, ó di ońdè mú, ó ń pe ọfọ̀. Ṣùgbọ́n kámẹ́rà hẹlikọ́pítà, ooru ara ló ń rí. Kò mọ ońdè! Wọ́n wọ́ ọ jáde, ó ń pe mọ́mì ẹ̀.

Aago méje, Rahmah padà sí ṣọ́ọ̀bù, ẹsẹ̀ rẹ̀ ń ṣẹ̀jẹ̀. Àmínát ń gbá dígí.

"Aunty Rahmah, mo dúpẹ́ pé ẹ̀mí yín wà," ni Alhaji wí. "Ṣùgbọ́n ẹ má mú ọmọ yín kankan wá mọ́. Èyí náà, kó máa lọ ilé."

Àmínát dúró. Ó gbé ìgbálẹ̀ tì.

"Alhaji, ẹ jọ̀ọ́, èmi kọ́ ni mo jalè. Ẹ̀rù ń bà mí, swear down, mo búra. Ṣùgbọ́n tí mi ò bá wá lọ́la, níbo ni kí n lọ?"

 Alhaji bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, ó bá a di ike ìkólẹ̀ mú.

"Aago mẹ́sàn-án," ó ní. "Má pẹ́."

Rahmah gbọ́, kò lè rẹ́rìn-ín. Ọkọ̀ ọlọ́pàá ń dúró dè é níta, kó lọ sọ ohun tó rí.

Ó mọ ohun tó máa sọ, kò ní fi kún un, kò ní yọ níbẹ̀.

Wándé jalè. Wọ́n ní kó pa mí, kò pa mí.